Bàbá Fẹjọ́ Ọmọ Sùn, Ọmọ Ti Lọ: Bí Farouk Abdulmutallab Ṣe Di Ẹni Tó Gbé Bọ́ǹbù Wọ Bàálù

Ẹ̀gbẹ́ títì ní Ring Road, n'Ìbàdàn, níbi tí àwọn tó ń ta ìwé ìròyìn máa ń tẹ́ ọjà wọn sí láàárọ̀, ni ọ̀rọ̀ yìí ti bẹ̀rẹ̀. Àwọn tó mọ ibẹ̀ kò ní ṣàìmọ àwọn àgbààgbà tó máa ń ka àkọlé ìwé ìròyìn láì ná kọ́bọ̀, tí wọn yóò sì fi ohun tí wọ́n kà jiyàn títí oòrùn yóò fi mú. Lọ́jọ́ tí à ń wí yìí, bàbá kan tó ń ta ẹ̀yà ara ọkọ̀ ní Gate, ṣùgbọ́n tó ń gbé ládùúgbò náà, ń sọ fún àwọn ẹgbẹ́ rẹ̀ pé fáṣítì kan nílùú òyìnbó ti gba ọmọ òun ọkùnrin wọlé. Inú bàbá náà dùn, ṣùgbọ́n ọkàn rẹ̀ kò balẹ̀. Nígbà tó mọ̀ pé oníròyìn ni mí, ó kọjú sí mi, ó ní: "Ọmọ mi, ẹ̀yin lẹ ń kọ ìwé ìròyìn. Ọmọ olówó ọjọ́sí, èyí tó gbé bọ́ǹbù sábẹ́ aṣọ lọ sí Amẹ́ríkà, ṣé ilé ni wọn kò ti kọ́ ọ ni, àbí ilé-ìwé ló bà á jẹ́?"

Kí n tó lanu, ẹlòmíràn ti dá a lóhùn pé ará Òkè Ọya ni ọmọ yẹn, pé kò kan àwa níhìn-ín. Àwọn yòókù rẹ́rìn-ín, wọ́n bọ́ sórí ọ̀rọ̀ bọ́ọ̀lù. Ṣùgbọ́n ìbéèrè bàbá náà kò kúrò lọ́kàn mi, nítorí pé kì í ṣe ìbéèrè tí ènìyàn lè fi gbólóhùn kan dáhùn. Àlàyé tí n kò rí àyè ṣe fún un lójú títì ni mo fẹ́ ṣe níhìn-ín.

Umar Farouk Abdulmutallab ni orúkọ ọmọ náà. Funtua, ní ìpínlẹ̀ Kàtsínà, ni ilé baba rẹ̀, ṣùgbọ́n Èkó ni wọ́n bí i sí, lọ́jọ́ 22, oṣù Kejìlá, ọdún 1986. Baba rẹ̀, Alhaji Umaru Mutallab, kì í ṣe ẹni tí ènìyàn ń júwe. Ó ti jẹ́ mínísítà ìjọba àpapọ̀ láyé àwọn ológun nínú àwọn ọdún 1970, ó ti darí báńkì UBA, òun náà sì ni alága First Bank títí di oṣù Kejìlá, ọdún 2009. Ẹni tó bá ń wá ìṣẹ́ àti òṣì gẹ́gẹ́ bí ohun tó ti ọmọ yìí sínú ìwà ipá, kí ó yáa wá ibòmíràn lọ. Ilé-ìwé aládàáni tó gbayì ni ó kọ́kọ́ lọ ní Kàdúná. Lẹ́yìn náà ni wọ́n gbé e kọjá ẹnubodè lọ sí Lomé, olú ìlú Tógò, sí ilé-ìwé àwọn Gẹ̀ẹ́sì tí àwọn ọmọ aṣojú ìjọba àti ọmọ àwọn oníṣòwò ńlá ń lọ. Ilé ibùgbé àwọn akẹ́kọ̀ọ́ ni ó ń gbé.

Lomé yìí ni àwọn ẹgbẹ́ rẹ̀ ti sọ ọ́ ní "Àlùfáà", gẹ́gẹ́ bí àwa náà ṣe máa ń pe ẹni tó bá kúndùn kéwú. Kò sí ìbínú nínú orúkọ náà. Ọmọ jẹ́jẹ́ ni, ọmọ tí ń kírun lásìkò, tó mọ̀wé, tó sì máa ń wàásù fún àwọn ẹgbẹ́ rẹ̀. Olùkọ́ kan tó kọ́ ọ ní ẹ̀kọ́ ìtàn sọ lẹ́yìn ọ̀rẹ̀yìn pé ọ̀kan nínú àwọn akẹ́kọ̀ọ́ tó dùn ún kọ́ jù lọ ni. Olùkọ́ yìí kan náà rántí nǹkan méjì nípa rẹ̀. Èkíní ni pé nígbà tí wọ́n ń jíròrò nínú kíláàsì lọ́dún 2001 nípa ìjọba Taliban ní Afghanistan, Farouk ni ó dìde tó ń gbèjà wọn, tí olùkọ́ náà sì rò pé bóyá ó kàn fẹ́ fi iyàn dá àwọn yòókù lára yá ni. Èkejì ni pé nígbà tí wọ́n kó àwọn akẹ́kọ̀ọ́ lọ ṣe àbẹ̀wò sí Lọ́ńdọ́ọ̀nù, tí àwọn ẹgbẹ́ rẹ̀ ń fi owó ọwọ́ wọn ra ohun ìrántí, ńṣe ni ọmọ yìí kó 50 pọ́n-ùn tirẹ̀ fún ilé àwọn ọmọ aláìlóbìí.

Mo fẹ́ kí a dúró díẹ̀ níbi 50 pọ́n-ùn yẹn. A máa ń rò pé ẹni tí yóò di agbésùnmọ̀mí yóò ti máa fi ojú ìkà hàn láti kékeré, yóò máa lu ọmọdé, yóò máa pa ẹran jẹ kiri. Bẹ́ẹ̀ kọ́ ni ọ̀rọ̀ yìí rí. Ọmọ tí àánú tètè ń ṣe ni, ọmọ tó ń wá ohun tó tóbi ju ara rẹ̀ lọ tí yóò fi ayé rẹ̀ ṣe. Ibi tí ẹni tó fẹ́ lo irú ọmọ bẹ́ẹ̀ ti máa ń mú un gan-an nìyẹn. Ẹni tí kò láàánú, tí ìyà ọmọ aláìlóbìí kò dùn, kò sí ohun tí a ó fi fà á.

Lọ́dún 2004 sí 2005, ó lọ sí Sana'a, olú ìlú Yemen, láti kọ́ èdè Lárúbáwá. Kò sí ohun tó burú níbẹ̀. Ọ̀pọ̀ ọmọ Yorùbá tó jẹ́ Mùsùlùmí ló ti lọ kẹ́kọ̀ọ́ ní ilẹ̀ Lárúbáwá, tí wọ́n sì padà wá di olùkọ́ àti ìmáàmù tí gbogbo àdúgbò ń bọ̀wọ̀ fún. Ṣùgbọ́n ní àsìkò yìí ni ó bẹ̀rẹ̀ sí í kọ ọ̀rọ̀ ọkàn rẹ̀ sórí íntánẹ́ẹ̀tì, níbi tí ẹnikẹ́ni kò ti mọ ọmọ ẹni tó ń ṣe. Nígbà tí àwọn oníròyìn rí àwọn ọ̀rọ̀ náà kà lẹ́yìn ìṣẹ̀lẹ̀ ọdún 2009, ẹnu yà wọ́n, nítorí pé ọ̀rọ̀ bọ́ọ̀lù àti ilé-ìwé tó fẹ́ lọ pọ̀ níbẹ̀. Ó kọ ọ́ pé òun dá wà, pé òun kò ní ọ̀rẹ́ tòótọ́ kan tí òun lè finú hàn. Ó kọ nípa ìfẹ́ obìnrin tó ń dà á láàmú, àti bí kò ṣe tíì tó àkókò tí òun lè gbéyàwó. Ó kọ nípa bí ó ṣe ṣòro fún un láti mọ ibi tí ó yẹ kí ìtẹ̀lé ẹ̀sìn mọ. Irú ọ̀rọ̀ tí ọmọ ọdún 18 yẹ kí ó rí ẹ̀gbọ́n tàbí àbúrò baba kan bá sọ ni. Owó kò wọ́n ọmọ náà, ènìyàn ni ó wọ́n ọn.

Oṣù Kẹsàn-án, ọdún 2005, ni ó wọ University College, ní Lọ́ńdọ́ọ̀nù, láti kọ́ ẹ̀kọ́ ìmọ̀ ẹ̀rọ. Ilé olówó iyebíye tí ẹbí rẹ̀ ní láàárín ìlú ni ó ń gbé. Lọ́dún 2006 sí 2007, òun ni ààrẹ ẹgbẹ́ àwọn akẹ́kọ̀ọ́ Mùsùlùmí nílé-ìwé náà, ní oṣù Kìíní, ọdún 2007, wọ́n sì ṣètò ọ̀sẹ̀ kan fún ìjíròrò lórí ogun tí Amẹ́ríkà ń bá àwọn agbésùnmọ̀mí jà. Kí a rántí àsìkò náà dáadáa: ogun Iraq ń lọ lọ́wọ́, àwòrán àwọn tí wọ́n há mọ́ Guantánamo wà káàkiri, ọ̀pọ̀ ọ̀dọ́ ní gbogbo àgbáyé, Mùsùlùmí àti Kìrìsìtẹ́nì, ni inú ń bí. Ìbínú nìkan kò sọ ẹnikẹ́ni di apànìyàn. Nígbà tí ilé-ìwé náà gbé ìgbìmọ̀ kalẹ̀ láti wádìí ọ̀rọ̀ rẹ̀, àbájáde tí wọ́n gbé jáde ní oṣù Kẹwàá, ọdún 2010, ni pé àwọn kò rí ẹ̀rí pé ibẹ̀ ni ọkàn rẹ̀ ti yí padà. Nítorí náà, ẹni tó bá ń pariwo pé fáṣítì òyìnbó ló bà á jẹ́ kò rí gbogbo ọ̀rọ̀ náà tán.

Ta wá ni ó bà á jẹ́? Bí a bá fẹ́ dárúkọ ẹnìkan ṣoṣo, ẹni náà ni Anwar al-Awlaki. Ilẹ̀ Amẹ́ríkà ni wọ́n bí ọkùnrin yìí sí lọ́dún 1971, àwọn òbí rẹ̀ sì jẹ́ ọmọ Yemen. Ó mọ Gẹ̀ẹ́sì sọ bí ẹni tí ń ṣeré, ohùn rẹ̀ tutù, ó sì máa ń pa ìtàn àwọn wòlíì lọ́nà tí yóò fi dà bí ẹni pé àná ni wọ́n ṣẹlẹ̀. Ìwàásù rẹ̀ tí wọ́n gbà sílẹ̀ kò le lápá kan. Ọ̀pọ̀ ìdílé ló rà á fún àwọn ọmọ wọn láì fura. Ṣùgbọ́n nígbà tó padà sí Yemen, ọ̀rọ̀ rẹ̀ le sí i títí ó fi ń sọ gbangba pé ọ̀ranyàn ni kí Mùsùlùmí máa pa ará Amẹ́ríkà. Ọmọ tí kò gbọ́ Lárúbáwá dáadáa, tó ń dá gbé yàrá rẹ̀, tó ń wá ẹni tí yóò sọ ohun tí yóò ṣe fún un, lè tẹ bọ́tìnnì kan lórí kọ̀ǹpútà lóru kí ó sì gbọ́ ohùn bíi ti baba. Irú ẹni bẹ́ẹ̀ kì í kọ́kọ́ sọ pé "lọ pààyàn." Yóò kọ́kọ́ sọ pé òun mọ ohun tó ń dùn ọ́. Yóò wá sọ ẹni tó fa ìrora náà. Lẹ́yìn náà ni yóò sọ fún ọ pé àwọn ará ilé rẹ kò ní í yé, nítorí ayé ti wọ̀ wọ́n lẹ́wù. Ìgbà tó bá ti dé ibi èyí, iṣẹ́ rẹ̀ ti parí ju ìdajì lọ.

Farouk kẹ́kọ̀ọ́ jáde lọ́dún 2008. Ní oṣù Kẹfà ọdún náà, ilé-iṣẹ́ aṣojú Amẹ́ríkà ní Lọ́ńdọ́ọ̀nù fún un ní físà tí yóò lò títí di oṣù Kẹfà, ọdún 2010. Ní ìbẹ̀rẹ̀ ọdún 2009, ó lọ sí Dubai láti kà sí i nípa ìmọ̀ okòwò. Ní oṣù Karùn-ún, ìjọba ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì kọ̀ láti fún un ní físà mìíràn, nítorí pé ilé-ìwé tó ní òun fẹ́ lọ kì í ṣe ojúlówó. Nígbà tó di oṣù Kẹjọ, ó fi Dubai sílẹ̀ láì parí ẹ̀kọ́ rẹ̀, ó sọ fún ẹbí pé òun tún fẹ́ lọ kọ́ Lárúbáwá ní Yemen.

Láti ìgbà náà ni okùn tó so ó mọ́ ilé ti bẹ̀rẹ̀ sí í já lọ́kọ̀ọ̀kan. Ó fi àtẹ̀jíṣẹ́ ránṣẹ́ sí baba rẹ̀ pé òun kò ṣe ẹ̀kọ́ okòwò mọ́, pé òun fẹ́ dúró sí Yemen fún ọdún méje láti kọ́ ẹ̀kọ́ òfin ẹ̀sìn. Baba kọ̀. Ó ní òun kò ní í fi owó ránṣẹ́ mọ́. Ọmọ fèsì pé kò burú, pé òun ti rí àwọn tó ń fún òun ní gbogbo nǹkan lọ́fẹ̀ẹ́. Níkẹyìn ni ó fi iṣẹ́ ránṣẹ́ pé kí wọ́n dárí ji òun, pé kí wọ́n má wá òun mọ́. Láti ìgbà náà, ẹ̀rọ ìbánisọ̀rọ̀ rẹ̀ kò lọ mọ́.

Ọ̀rọ̀ tó wà nínú àtẹ̀jíṣẹ́ yẹn kan gbogbo òbí. Ta ló ń fún ọmọ rẹ ní nǹkan lọ́fẹ̀ẹ́? Ọ̀fẹ́ wo ló wà láyé yìí?

Ohun tí Farouk ń ṣe ní Yemen hàn nínú ìwé tí àwọn agbẹjọ́rò ìjọba Amẹ́ríkà kó lọ sí kóòtù lọ́dún 2012. Wọ́n ní ó lọ láti mọ́ṣáláṣí dé mọ́ṣáláṣí, ó ń béèrè Awlaki, títí ẹnìkan fi mú un lọ bá a. Ó lo ọjọ́ mẹ́ta ní ilé ọkùnrin náà. Awlaki ni ó fà á lé Ibrahim al-Asiri lọ́wọ́, ẹni tó ń ṣe bọ́ǹbù fún ẹ̀ka al-Qaeda tó wà ní Yemen. Àṣẹ tí Awlaki fún un kò ju pé kí bàálù náà jẹ́ ti Amẹ́ríkà, kí ó sì jẹ́ orí ilẹ̀ Amẹ́ríkà ni yóò ti bú gbàmù.

Asiri yìí kì í ṣe ẹni tí ènìyàn ń bá ṣeré. Ní oṣù Kẹjọ, ọdún 2009 kan náà, àbúrò tirẹ̀ gan-an ni ó di bọ́ǹbù mọ́ lára, tó sì rán an lọ pa ọmọ ọba Saudi kan, Mohammed bin Nayef, tó jẹ́ olórí ètò tí wọ́n fi ń gbógun ti agbésùnmọ̀mí níbẹ̀. Àbúrò rẹ̀ fọ́ yángá, ọmọ ọba náà fara pa díẹ̀. Irú ẹni tó gba Farouk sílé lẹ́yìn tó ti dágbére fún ẹbí tirẹ̀ nìyẹn: ẹni tó fi ọmọ ìyá rẹ̀ dán bọ́ǹbù wò.

Ní Nàìjíríà, baba kò sùn. Ó lọ bá àwọn aláàbò ìjọba Nàìjíríà. Ní ọjọ́ 19, oṣù Kọkànlá, ọdún 2009, ó wọ ilé-iṣẹ́ aṣojú Amẹ́ríkà ní Àbújá, ó sì bá àwọn òṣìṣẹ́ ibẹ̀, títí kan àwọn ti àjọ ọ̀tẹlẹ̀múyẹ́ CIA, sọ̀rọ̀. Ó sọ fún wọn pé ọmọ òun wà ní Yemen, pé ọkàn rẹ̀ ti yí padà nípa ẹ̀sìn, pé ẹ̀rù ń ba òun. Ẹ jẹ́ kí a wo ohun tí ó ná ọkùnrin náà láti sọ èyí. Ọlọ́lá tí gbogbo ìlú mọ̀, Mùsùlùmí tí wọ́n ń bọ̀wọ̀ fún, ó fi ẹsẹ̀ ara rẹ̀ rìn lọ sọ fún àjèjì pé ọmọ tí òun bí lè ṣe aburú. Ọ̀pọ̀ wa ni yóò sọ pé a kì í fi ọwọ́ òsì júwe ilé baba ẹni. Mutallab fi júwe rẹ̀, nítorí pé ó fẹ́ kí wọ́n bá òun wá ọmọ òun rí láàyè.

Kí ni wọ́n fi ọ̀rọ̀ náà ṣe? Wọ́n kọ orúkọ ọmọ náà sínú ìwé ńlá kan tí orúkọ tó ju ìdajì mílíọ̀nù lọ wà nínú rẹ̀. Ìwé kékeré tí orúkọ àwọn tí kò gbọ́dọ̀ wọ bàálù wà, èyí tí kò ju bí ẹgbẹ̀rún mẹ́rin lọ nígbà náà, wọn kò kọ ọ́ síbẹ̀. Wọ́n ṣi orúkọ rẹ̀ kọ nígbà tí wọ́n ń wò ó bóyá ó ní físà, nítorí náà wọ́n rò pé kò ní. Bẹ́ẹ̀ sì rèé, àwọn ọ̀tẹlẹ̀múyẹ́ mìíràn ní Amẹ́ríkà ti gbọ́ fìn-ín-fìn-ín pé wọ́n ń múra ọmọ Nàìjíríà kan sílẹ̀ ní Yemen. Ọ̀rọ̀ baba wà lórí tábìlì kan, ọ̀rọ̀ ọmọ Nàìjíríà inú Yemen wà lórí tábìlì kejì, ẹnikẹ́ni kò sì gbé méjèèjì síbì kan. Ọjọ́ 7, oṣù Kìíní, ọdún 2010, ni ààrẹ Obama jáde gbangba láti sọ pé àṣìṣe náà jẹ́ ti ìjọba òun.

Nígbà tí ìwé ń ti ọ́fíìsì kan bọ́ sí òmíràn, Farouk ti gbéra. Ó gba Ethiopia kọjá, ó wọ Ghana. Ní ọjọ́ 16, oṣù Kejìlá, wọ́n fi owó lílà, 2,831 dọ́là, ra tíkẹ́ẹ̀tì rẹ̀ ní Accra. Ní alẹ́ ọjọ́ 24, ó wọ bàálù láti Accra dé pápákọ̀ òfuurufú Murtala Muhammed ní Ìkẹjà, ó sì wọ bàálù KLM tó ń lọ sí Amsterdam. Àpò kan péré ni ó gbé kọ́ èjìká. Ìlú tí wọ́n ti bí i, tí àwọn ará rẹ̀ wà, ni ó gbà kọjá lóru Kérésìmesì, kò sì bá ẹnikẹ́ni sọ̀rọ̀.

Ní Amsterdam ni ó ti wọ bàálù Northwest, nọ́ńbà 253, tó ń lọ sí Detroit. Àwọn ènìyàn tó wà nínú rẹ̀ fẹ́rẹ̀ẹ́ tó 290. Abẹ́ pátá tó wọ̀ ni wọ́n rán ẹ̀tù olóró tí à ń pè ní PETN mọ́. Nígbà tí bàálù fẹ́ balẹ̀, ó lọ sí ilé ìgbọ̀nsẹ̀, ó pẹ́ níbẹ̀, ó padà sórí ìjókòó rẹ̀, ó fi aṣọ bora, ó sì fi abẹ́rẹ́ ti oògùn sínú ẹ̀tù náà. Ó dún bí ìgbà tí wọ́n yin bàǹgà, iná sọ, ṣùgbọ́n kò bú gbàmù bí wọ́n ṣe fẹ́. Itan àti abẹ́ rẹ̀ ni ó jó. Ọmọ ilẹ̀ Netherlands kan, Jasper Schuringa, fò láti orí àga tirẹ̀ lọ dì í mú, àwọn òṣìṣẹ́ bàálù sì pa iná náà. Ọjọ́ mẹ́ta péré ni Farouk fi lé ní ọmọ ọdún 23.

Ohun tí ọ̀pọ̀ ènìyàn kò gbọ́ ni ohun tó ṣẹlẹ̀ lẹ́yìn náà. Ọmọkùnrin náà sọ̀rọ̀ díẹ̀ ní wákàtí àkọ́kọ́, ó sì pa ẹnu mọ́. Àwọn ọ̀tẹlẹ̀múyẹ́ FBI wá sí Nàìjíríà, wọ́n bá àwọn ẹbí rẹ̀ sọ̀rọ̀, wọ́n sì mú méjì nínú wọn lọ sí Detroit. Àwọn ìbátan wọ̀nyí ni wọ́n jókòó tì í, tí wọ́n bẹ̀ ẹ́, tí ó fi bẹ̀rẹ̀ sí í sọ ohun tó mọ̀ ní ìparí oṣù Kìíní, ọdún 2010. Ilé tó ní kí wọ́n má wá òun mọ́ ni ó tún wá a dé àhámọ́.

Ìyẹn kò sọ ọ́ di ẹni tó ronú pìwà dà ní kóòtù. Ní ọjọ́ 12, oṣù Kẹwàá, ọdún 2011, lọ́jọ́ kejì ìgbẹ́jọ́, ó gbà pé òun jẹ̀bi gbogbo ẹ̀sùn mẹ́jọ tí wọ́n fi kàn án, ṣùgbọ́n ó ní ogun ẹ̀sìn ni òun jà. Ní ọjọ́ 16, oṣù Kejì, ọdún 2012, adájọ́ Nancy Edmunds dá ẹ̀wọ̀n gbére mẹ́rin fún un, wọ́n sì gbé e lọ sí ẹ̀wọ̀n tó le jù lọ ní Amẹ́ríkà, èyí tó wà ní Florence, ní ìpínlẹ̀ Colorado. Awlaki kò dúró de ìdájọ́ náà. Ẹ̀rọ tí ń fò láìní awakọ̀ tí Amẹ́ríkà rán ni ó pa á ní Yemen, ní ọjọ́ 30, oṣù Kẹsàn-án, ọdún 2011.

Àwa tó kù nílé náà jẹ nínú rẹ̀. Ní oṣù Kìíní, ọdún 2010, Amẹ́ríkà kọ orúkọ Nàìjíríà mọ́ ti orílẹ̀-èdè 13 mìíràn tí wọ́n ní kí wọ́n máa yẹ àwọn ọmọ ibẹ̀ wò lára fínnífínní ní pápákọ̀ òfuurufú. Ìyá arúgbó tó ń lọ bá ọmọ rẹ̀ tọ́jú ọmọ tuntun ní Houston di ẹni tí wọ́n ń tẹ̀ níkùn. Ó di oṣù Kẹrin kí wọ́n tó fi ètò mìíràn rọ́pò rẹ̀.

Ó kù sí ọ̀rọ̀ ẹni tó ní kò kan wa. Ní ọjọ́ 22, oṣù Karùn-ún, ọdún 2013, ní Woolwich, ní gúúsù ìlà-oòrùn Lọ́ńdọ́ọ̀nù, àwọn ọ̀dọ́kùnrin méjì fi ọkọ̀ kọ lu sójà kan, Lee Rigby, ọmọ ọdún 25, wọ́n sì fi ọ̀bẹ pa á lójú títì, lọ́sàn-án gangan. Orúkọ àwọn méjèèjì ni Michael Adébọ́lájọ àti Michael Adébọ̀wálé. Kò sí ẹni tí yóò gbọ́ orúkọ yẹn tí yóò béèrè ibi tí wọ́n ti wá. Ilé Kìrìsìtẹ́nì ni wọ́n bí wọn sí, ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì ni wọ́n gbé dàgbà. Àwọn ẹgbẹ́ Mùsùlùmí ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì bu ẹnu àtẹ́ lu ìpànìyàn náà lọ́jọ́ tó ṣẹlẹ̀ gan-an.

Ọ̀nà tí àwọn méjì yìí gbà yàtọ̀ sí ti Farouk, ó sì yàtọ̀ sí ara wọn. Adébọ́lájọ wọ ẹ̀sìn Ìsìláàmù nígbà tó wà ní ọ̀dọ́langba, ó sì bọ́ sọ́wọ́ ẹgbẹ́ al-Muhajiroun tó máa ń ṣe ìwọ́de oníjàgídíjàgan. Ní kóòtù, ó sọ pé ọ̀rẹ́ òun kan tó di sójà kú sógun Iraq, pé àwọn tó rán an lọ ni òun dá lẹ́bi. Lọ́dún 2010, àwọn ọlọ́pàá Kenya mú un nítòsí ẹnubodè Somalia, wọ́n sì dá a padà sí Lọ́ńdọ́ọ̀nù. Ti Adébọ̀wálé tún burú jù bẹ́ẹ̀ lọ. Ní oṣù Kìíní, ọdún 2008, nígbà tó jẹ́ ọmọ ọdún 16, ọkùnrin kan pa ọ̀dọ́kùnrin mìíràn lójú rẹ̀ nínú ilé kan, wọ́n sì gún òun náà lọ́bẹ. Ọpọlọ rẹ̀ kò pé mọ́ láti ìgbà náà. Ó ṣe ẹ̀wọ̀n nítorí oògùn olóró, lẹ́yìn náà ni ó wọ ẹ̀sìn. Ní oṣù Kejìlá, ọdún 2012, ó kọ ọ̀rọ̀ ránṣẹ́ sí ẹnìkan lókè òkun lórí íntánẹ́ẹ̀tì pé òun fẹ́ pa sójà. Ìgbìmọ̀ ilé aṣòfin ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì tó wádìí ọ̀rọ̀ náà sọ ní oṣù Kọkànlá, ọdún 2014, pé orúkọ àwọn méjèèjì ti jẹ yọ nínú ìwádìí méje ọ̀tọ̀ọ̀tọ̀ tí àwọn ọ̀tẹlẹ̀múyẹ́ ṣe, ṣùgbọ́n pé ilé-iṣẹ́ tó ni ojú òpó tí Adébọ̀wálé lò kò sọ ọ̀rọ̀ náà fún ẹnikẹ́ni títí ẹ̀mí fi bọ́. Ní oṣù Kejì, ọdún 2014, kóòtù ní kí Adébọ́lájọ kú sẹ́wọ̀n, kí Adébọ̀wálé sì ṣe ó kéré tán ọdún 45.

Nítorí náà, nígbà tí mo tún rí bàbá tó ń ta ẹ̀yà ara ọkọ̀, lọ́sẹ̀ tó tẹ̀ lé e, lẹ́bàá tábìlì ìwé ìròyìn kan náà, mo sọ fún un pé kì í ṣe ilé, kì í ṣe ilé-ìwé. Mo ní ohun tí mo rí nínú ìtàn àwọn mẹ́tẹ̀ẹ̀ta ni pé ẹni tó bá dá wà, tí nǹkan kan sì ń dùn, ni wọ́n máa ń wá. Pé ilé máa ń rí i kí ìjọba tó rí i. Mo ní kí ó má fi ẹ̀sìn wá a, kí ó máa wo ìgbà tí ọmọ bá kọ ọ̀rẹ́ àtijọ́ sílẹ̀ lẹ́ẹ̀kan náà, tó pa ẹ̀kọ́ tì, tó ń pe ará ilé ní ẹni ègbé, tó sì ń náwó tí a kò mọ ẹni tó fún un. Bàbá gbọ́ mi jálẹ̀. Ó ní òun yóò máa pè é ní gbogbo ìrọ̀lẹ́ Jímọ̀, pé ẹ̀gbọ́n ìyá rẹ̀ kan sì wà ní Peckham tí yóò máa lọ jẹun lọ́dọ̀ rẹ̀ lọ́jọ́ Àìkú.

Lẹ́yìn náà ni ó béèrè ohun tí n kò rí dáhùn. Ó ní bí ó bá wá ṣẹlẹ̀ ńkọ́, bí òun bá fura sí ọmọ òun, ta ni kí òun lọ bá? Ní ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì, láti ọdún 2015, òfin ti mú un ní dandan fún ilé-ìwé àti ilé-ìwòsàn láti kíyè sí irú ọ̀dọ́ bẹ́ẹ̀, kí wọ́n sì fà á lé àwọn tí yóò bá a sọ̀rọ̀ lọ́wọ́ kí ó tó dẹ́ṣẹ̀. Àwọn Mùsùlùmí púpọ̀ níbẹ̀ sì ń ráhùn pé ìfura lásán ni ètò náà ń dá sílẹ̀. Ní Nàìjíríà, ètò tí a mọ̀ jù ni Operation Safe Corridor tí ìjọba dá sílẹ̀ lọ́dún 2016, tí ibùdó rẹ̀ wà ní Gombe, ẹni tó ti wọ igbó Boko Haram tó sì ti jáde ni wọ́n sì ń tọ́jú níbẹ̀. Òbí tó lọ sí àgọ́ ọlọ́pàá pé ọ̀rọ̀ ọmọ òun ń kọ òun lóminú, ẹ̀rù tó ń bà á ni pé wọn yóò ti ọmọ náà mọ́lé, kò sì ní í fojú kàn án mọ́.

"Alága báńkì ni ọkùnrin yẹn," bàbá náà wí, "ó wọ ilé aṣojú Amẹ́ríkà, wọ́n gbé àga fún un, ó sọ tẹnu rẹ̀ tán, síbẹ̀ wọ́n ṣi orúkọ ọmọ rẹ̀ kọ. Èmi tí mò ń ta bíárì ní Gate ńkọ́?"

Ó tọwọ́ bọ àpò. Lọ́jọ́ yẹn, ó san owó ìwé ìròyìn kan, ó ká a sábẹ́ apá, ó sì ń lọ sí ibi tí ọkọ̀ Gate ti ń gbèrò.